Ogbe tó ṣubú: ọ̀rọ̀ kan tó gba ọ̀sẹ̀ kan lọ́wọ́ mi

Iṣẹ́ ìtumọ̀ ni mò ń ṣe. Ìtàn àròsọ ló pọ̀ jù nínú ohun tó ń kọjá lọ́wọ́ mi, láti Gẹ̀ẹ́sì sí Yorùbá. Nínú ìwé tí mo ń bá yí lọ́wọ́lọ́wọ́, ọ̀dọ́mọkùnrin kan ti sọ fún gbogbo ará ilé pé orúkọ òun ni wọ́n máa kọ́kọ́ pè sí ipò tó ṣófo níbi iṣẹ́. Ó ti ra bàtà tuntun sílẹ̀ dè é. Wọ́n ka orúkọ tán, wọn ò pe tirẹ̀. Gbólóhùn tó tẹ̀ lé e kò ju ọ̀rọ̀ mẹ́rin lọ: "He walked out, crestfallen." Mo kọ ọ́ pé "Ó jáde pẹ̀lú ìjákulẹ̀," mo sì ṣí ojú ewé kejì.

Ẹ̀gbọ́n tó ń yẹ iṣẹ́ mi wò dá a padà. Wọ́n fàlà sí i nídìí, wọ́n sì kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ pé: "Àbúrò, ìjákulẹ̀ ni ohun tó ṣẹlẹ̀ sí i. Kí ni ẹni tó dúró lẹ́nu ọ̀nà rí?"

Mi ò rí èsì fọ̀. Ọ̀sẹ̀ kan gbáko ni mo fi gbé ìbéèrè yẹn kiri.

Ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì náà, "crestfallen", kò ṣàjèjì sí mi, ṣùgbọ́n inú ìwé ni mo ti mọ̀ ọ́n. Ó ṣọ̀wọ́n kéèyàn gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì bára wọn sọ̀rọ̀. Bí ohun tí wọ́n ń retí bá bọ́ lọ́wọ́ wọn, "disappointed" ni wọ́n máa wí, ó parí. "Crestfallen" dúró sí ọ̀tọ̀. Ẹ la a sí méjì kẹ́ ẹ wò ó: "crest" ni ogbe orí àkùkọ, "fallen" ni pé ó ti ṣubú. Ẹni tí ogbe rẹ̀ ti ṣubú ni. Láti inú èdè Látìn ni "crest" ti wá, "crista" ni wọ́n ń pè é níbẹ̀, òun náà ni wọ́n sì ń pe ìyẹ́ tí àwọn jagunjagun ayé àtijọ́ máa ń kì bọ orí akoto wọn. Àwọn kan ní ọrùn ẹṣin ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀, ibi tí irun ọrùn ti ń hù, nítorí pé ó máa ń wó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan lára ẹṣin tí ara rẹ̀ kò le. Ó ṣeé ṣe. Àkùkọ ni èmi fara mọ́, nítorí pé mo ti fojú ara mi rí i.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, àkùkọ méjì la ní lẹ́yìnkùlé. Èyí àgbà pọ́n, ogbe rẹ̀ nípọn, ṣóńṣó márààrún orí rẹ̀ dúró ṣánṣán bí ìka ọwọ́. Òun ló ń kọ́kọ́ jẹun, òun ló ń kọ́kọ́ kọ láàárọ̀. Èyí àbúrò funfun, ó ń dàgbà bọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, kò sẹ́ni tó kà á sí. Láàárọ̀ ọjọ́ kan ni ìjà bẹ́ sílẹ̀, kò sì pẹ́ rárá. Nígbà tí mo fi máa débẹ̀, èyí pupa ti sá lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Ìyẹ́ ọrùn rẹ̀ tó máa ń rú ti lẹ̀ mọ́ ọn lára. Ó fa orí sínú èjìká, ó ń rìn tẹ̀gbẹ́tẹ̀gbẹ́, ṣóńṣó kan lórí ogbe rẹ̀ ti ya, ẹ̀jẹ̀ ibẹ̀ ti gbẹ, ó ti dúdú. Àwọn àgbébọ̀ ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kò gbójú sókè wò wọ́n. Nígbà tí ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, ohùn èyí funfun la gbọ́.

Kí n sọ òtítọ́ ohun tí mo rí: ogbe náà kò wó lọ́jọ́ yẹn. Orí ló wálẹ̀, ogbe sì bá orí lọ. Ẹran àti ẹ̀jẹ̀ ni ogbe, kì í dédé dojú bolẹ̀ lọ́sàn-án kan ṣoṣo. Ṣùgbọ́n àwọn tó dá ọ̀rọ̀ yìí sílẹ̀ kò ṣìnà jìnnà, torí pé bí nǹkan ṣe rí nínú àkùkọ máa ń hàn lára ogbe rẹ̀ lóòótọ́. Ọkùnrin ará Jámánì kan, Arnold Adolph Berthold, ṣe àyẹ̀wò kan ní ìlú Göttingen, ó sì tẹ àbájáde rẹ̀ jáde lọ́dún 1849. Ó yọ kóró ẹpọ̀n àwọn ọmọ àkùkọ kan. Àwọn yẹn kò kọ bí àkùkọ, wọn kò wá ìjà, ogbe wọn kò sì dàgbà. Ó wá dá kóró ẹpọ̀n padà sínú ikùn àwọn mìíràn lẹ́yìn tó ti yọ ọ́, ogbe tiwọn yọ, wọ́n kọ, wọ́n jà. Ohun tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ ló ń gbé ogbe dúró. Bí agbára inú bá ti dín kù, ẹni tó wà lókèèrè máa rí i kí àkùkọ tó ṣe ohunkóhun.

Èyí ló rán mi létí àlọ́ àkùkọ àti kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀. Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ń bẹ̀rù àkùkọ nítorí ó gbà pé iná ló wà lórí rẹ̀, àkùkọ sì jẹ́ kó máa gbà bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ tí iná kú nílé kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀, ó ní kí ọmọ òun lọ fọnná wá lórí àkùkọ tó ń sùn. Ọmọ fọwọ́ kàn án, ó tutù nini. Nígbà tí wọ́n ń pa á fún wa, ibi tí kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ti ń lé àkùkọ ni a máa ń pariwo sí. Ibi tí ọkàn mi ń dúró sí báyìí ni ìgbà tí àkùkọ la ojú, tó sì rí i pé wọ́n ti mọ̀.

Bí mo ṣe ń wá ọ̀rọ̀ yìí kiri, mo bá a lẹ́nu Shakespeare, òǹkọ̀wé eré ará Gẹ̀ẹ́sì ayé àtijọ́. Nínú eré Richard II, tí wọ́n tẹ̀ lọ́dún 1597, ọba ní kí Bolingbroke, ìbátan rẹ̀, jáwọ́ nínú ìjà tó ti pe ọ̀tá kan sí. Ó kọ̀ jálẹ̀. Ó ní ṣé kí ogbe òun ṣubú "in my father's sight", ìyẹn lójú bàbá òun ni? Bàbá rẹ̀ wà níbẹ̀, ó dúró tì wọ́n. Mo ka ìlà yẹn, mo fi pẹ́ńsù mi sílẹ̀. Ìdáhùn sí ìbéèrè ẹ̀gbọ́n mi ló wà níwájú mi yẹn. Bolingbroke kò sọ pé inú òun á bàjẹ́. Ojú ẹni tó ń wò ó ló kà sí.

Shakespeare kan náà fi ọ̀rọ̀ yìí sẹ́nu Falstaff, ọkùnrin sísanra onífáàrí kan nínú eré rẹ̀ mìíràn, tí wọ́n ti lù ní àlùbolẹ̀ nínú aṣọ obìnrin. Ó ní bí àwọn ará ààfin bá gbọ́, wọ́n á fi ẹnu nà òun títí ogbe òun á fi rọ bí èso píà gbígbẹ. Ẹ fojú inú wo èso tó kún fómi tẹ́lẹ̀, tí awọ rẹ̀ wá hunjọ. Mi ò rò pé ẹnì kan lè ṣàlàyé ọ̀rọ̀ náà jù bẹ́ẹ̀ lọ. "Crestfallen" tún ní ìbátan kan tó ṣọ̀wọ́n jù ú lọ, "chapfallen", ẹni tí àgbọ̀n rẹ̀ já wálẹ̀. Agbárí òkú ni Hamlet, ọmọ ọba inú eré Shakespeare mìíràn, sọ ìyẹn sí.

Mo wá padà sí èdè tiwa. A ní "ó já mi kulẹ̀." Ẹni tó ṣe é ni ọ̀rọ̀ yẹn ń nàka sí, ẹni tí mo fẹ̀yìn tì tó yẹ̀. A ní "ó já mi ní tànmọ́ọ̀," èyí tí mo fẹ́ràn jù, torí pé èrò ọkàn mi gan-an ló já: mo tànmọ́ọ̀ pé báyìí ló máa rí, kò rí bẹ́ẹ̀. Ká sì máa wò ó, "disappoint" ti àwọn Gẹ̀ẹ́sì náà kò bẹ̀rẹ̀ láti inú ọkàn rárá. Láti èdè Faransé ló ti bá wọn, ohun tó sì túmọ̀ sí níbẹ̀rẹ̀ ni pé kí wọ́n yọ èèyàn kúrò nípò tí wọ́n yàn án sí. Nínú gbogbo wọn, kò sí èyí tó sọ bí orí èèyàn ṣe rí lẹ́yìn tí ọ̀rọ̀ bọ́ sórí. Ohun tí "crestfallen" sọ nìyẹn, kò sì sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ìdí nìyẹn tí kò fi ṣeé lò níbi gbogbo. Mo ti rí i tí òǹkọ̀wé kan lò ó fún ìyá tí ọmọ rẹ̀ kú. Ó dùn mí. Ọ̀fọ̀ kì í ṣe ogbe tó ṣubú. Ìyá yẹn kò gbé ohunkóhun sórí tó fi máa wálẹ̀. Ẹni tó bá máa jẹ́ "crestfallen" gbọ́dọ̀ ti kọ́kọ́ gbórí sókè: ọmọ tó ti ń fọ́nnu pé òun lòun máa gba ipò kìíní, ẹni tó gbé iṣẹ́ rẹ̀ wá pẹ̀lú ẹ̀rín tó sì gbọ́ pé kò dára tó. Ohun tó sọnù kì í sábà tóbi. Ó sì máa ń tẹ̀ lé "looked", bó ṣe rí lójú ẹni tó ń wò, ju bó ṣe ń tẹ̀ lé "felt" lọ, bó ṣe rí nínú ẹni náà. Bí mo bá sọ ọ́ nípa ara mi, á dà bí ẹni pé mo ń wo ara mi láti òkèèrè. "Chagrin" ló yẹ ẹni tó ń ròyìn ara rẹ̀: ìjákulẹ̀ tí ìtìjú àti ìbínú díẹ̀ lú mọ́, tí èèyàn lè gbé mì kó sì máa rẹ́rìn-ín lọ. Ogbe kò ṣeé gbé mì.

Mo mọ̀. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí, mo fi ìtumọ̀ mi àkọ́kọ́ ránṣẹ́ síbì kan tí mo fẹ́ kí wọ́n ti gbà mí, mo sì ti sọ fún gbogbo ilé pé ó ti di tèmi. Nígbà tí lẹ́tà dé, mi ò dúró kí n dá wà kí n tó ya á. Ojú gbogbo wọn ni mo ti ya á. Mo ń kà á sókè, ohùn mi ń ròkè, títí mo fi dé ìlà kejì. Mi ò mọ bí ojú mi ṣe rí. Ìyá mi mọ̀. Wọn kò sọ "pẹ̀lẹ́," wọn kò ní "ó máa dáa." Wọ́n gba lẹ́tà náà lọ́wọ́ mi, wọ́n ká a sí mẹ́rin, wọ́n ní, "Wá bá mi gbé àga yìí wọlé." Àga náà kò wúwo. Ṣùgbọ́n bí mo ṣe tẹ̀ ba láti gbé e, orí mi ti rí ìdí tó fi wálẹ̀, kò sì sẹ́ni tó tún ń wò mí mọ́.

Àga yẹn ló la ojú mi sí gbólóhùn náà. Mo ti ń wá ọ̀rọ̀ kan tó máa dúró fún "crestfallen", mo ti gbìyànjú "ojú rẹ̀ rọ̀," mo ti gbìyànjú "ó rẹ̀wẹ̀sì," mo tiẹ̀ kọ "ogbe rẹ̀ ṣubú" bó ṣe wà, tó sì dà bí ọ̀rọ̀ adìyẹ lójú Yorùbá. Ọ̀rọ̀ tí mo nílò wà lẹ́nu mi látijọ́: a máa ń sọ pé èèyàn sorí kọ́. Ohun tó kù ni gíga tí orí náà ti bọ́. Ìyẹn kò lè wà nínú gbólóhùn kan náà, nítorí náà mo padà sí ojú ewé tó ṣáájú, níbi tí ọ̀dọ́mọkùnrin náà ti ń wọ yàrá, mo tún ìlà yẹn kọ: "Ó gbórí sókè wọlé, bàtà tuntun rẹ̀ ń ró kò-kò-kò." Lẹ́yìn tí wọ́n ka orúkọ tán, mo kọ: "Ó sorí kọ́ jáde pẹ̀lú ìtìjú."

Ẹ̀gbọ́n dá a padà lánàá. Wọn kò fàlà sí i nídìí lọ́tẹ̀ yìí. Wọ́n kàn fi pẹ́ńsù pa "pẹ̀lú ìtìjú" rẹ́.