Màmá Kí Dókítà Ẹran

Tẹlifíṣọ̀n ni mo di ẹ̀bi ọ̀rọ̀ yìí rù. Láti ọjọ́ tí Màmá ti dé sọ́dọ̀ wa ní Leeds, wọn ò wo nǹkan mìíràn ju eré dókítà ẹran kan tó ń ti ọwọ́ bọ màlúù nídìí lóru nínú òtútù Yorkshire. Màmá ń sin ewúrẹ́ ní Ìsẹ́yìn. Dókítà ẹran tiwọn kì í sọ̀ kalẹ̀ lórí ọ̀kadà kí wọ́n tó sanwó epo.

Ni mo bá ní ká lọ sí Thirsk, ìlú kan ní Yorkshire, níbi tí wọ́n ti sọ ilé iṣẹ́ dókítà gidi tí wọ́n fi ìtàn rẹ̀ ṣe eré náà di mùsíọ́mù.

Inú mọ́tò ni mo ti ń tú ìtàn. Mo ní Alf Wight lorúkọ rẹ̀ gan-an. Glasgow ló dàgbà sí, ó dé Thirsk ní 1940, àmọ́ ó di 1970 kí ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́ tó jáde. Òfin ìgbà náà ò gbà kí dókítà ẹran polówó ara rẹ̀, ló bá fi James Herriot bojú; orúkọ aṣọ́lé ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Birmingham City kan tó rí lórí tẹlifíṣọ̀n ni.

"Ẹni tó ni orúkọ ńkọ́? Ṣé wọ́n fún un ní nǹkan?"

Mo tan rédíò.

Màmá fi awò ojú sílẹ̀ nínú mọ́tò, wọ́n ní kì í jẹ́ kí fọ́tò dáa. A dé ọgbà ẹ̀yìnkùlé, mo yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan láti gbé fóònù. Ìgbà tí màá fi yíjú padà, Màmá ti wà lórí ìkúnlẹ̀.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, Dókítà. Ewúrẹ́ mi kan ló ń ṣu ìgbẹ́ gbuuru..."

Dókítà ò dáhùn. Wọ́n tún un kí, wọ́n gbóhùn sókè, bóyá etí ló di. Bàbá òyìnbó kan tó wà lẹ́yìn wọn ṣí fìlà, ó rò pé àdúrà ni.

"Màmá, ère idẹ ni! Ọkùnrin yẹn ti kú láti 1995."

Wọ́n dìde, wọ́n gbọn ìró. "Ṣé kí n má kí àgbàlagbà ni?"

Ìsọ̀ tó wà níbẹ̀ ni wọ́n wá forí lé. Wọ́n ní kí ọmọge tó ń tajà fún àwọn lóògùn ewúrẹ́. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó nawọ́ ìwé kan sí wọn.

Màmá yíjú sí mi. "Ta ló máa kà á fún ewúrẹ́?"