Ẹ̀ẹ̀mejìlá ni mo kú nínú fíìmù, Ọlọ́run ò jẹ́ ó pé mẹ́tàlá

Ẹ bá mi yin Ọlọ́run o, ẹ̀yin èèyàn mi! Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ mí láti kékeré ní Òṣogbo yìí, ẹ mọ̀ pé Àbíkú lẹ máa ń pè mí. Bàbá mi kọ́ ló sọ mí bẹ́ẹ̀, fíìmù ni. Ọmọ ọdún méje ni mo ti ń ṣeré, ìgbà kásẹ́ẹ̀tì fídíò nìyẹn, nílùú tí Dúró Ládiípọ̀ ti dá Mbárí Mbáyọ̀, ibùdó eré àti iṣẹ́ ọnà, sílẹ̀ lọ́dún 1962, kò sẹ́ni tó máa ń yà lẹ́nu pé ọmọdé ń ṣeré. Wọ́n wá rí i pé mo lè la ojú sílẹ̀ kí n má ṣẹ́jú títí wọ́n á fi ní “Cut!”, bí mo ṣe di òkú nìyẹn. Ọmọ tó bá ti máa kú nínú ìtàn, èmi náà ni. Tí wọ́n bá ti fẹ́ tẹ́ mi sórí ẹní, ìyá mi á dìde, á ní òun fẹ́ lọ ra omi.

Àmọ́ ọ̀gá tó ń tan jẹnẹrétọ̀ lókéṣọ̀n lèmi máa ń sá lọ bá, ó máa ń jẹ́ kí n di spánà mú. Nígbà tí ohùn mi wá ki, tí wọn ò pè mí síbi eré mọ́, mo lọ ka ẹ̀rọ iná ní Ifẹ̀, iṣẹ́ iná náà ni mo ń ṣe dòní.

Oṣù kẹwàá tó kọjá, atẹ́gùn já wáyà 11,000 volt lápá Òkè-Baálẹ̀. Wọ́n ti pa iná fún wa láti substation tí iná ti ń wá. Òfin iṣẹ́ wa ni pé kó o pa á, kó o dán an wò, kó o sì so ó mọ́ ilẹ̀ kó o tó fọwọ́ kàn án. A pa á, a dán an wò, kò sí nǹkankan lórí ẹ̀. Ọmọ tó fẹ́ gbé wáyà tá a fi ń so ó mọ́lẹ̀ wá ṣì wà nídìí ọkọ̀, mo ní kí n kàn rọra ti wáyà tó já yìí sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ẹ̀bi tèmi nìyẹn, mi ò ní parọ́. Àṣé bàbá ẹlẹ́ja tútù kan ti tan jẹnẹrétọ̀ ńlá, kò ní changeover tó máa ń ya iná jẹnẹrétọ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára wáyà ìta, ńṣe ló máa ń ki wáyà bọ inú sọ́kẹ́ẹ̀tì. Tiráńsífọ́mà tó ń sọ 11,000 di 415 fún wa nílé, tíná bá gba ẹ̀yìn wọ̀ ọ́, ṣe ló máa tún sọ ọ́ di ẹgbẹẹgbẹ̀rún padà, ilé mẹ́ta péré ló sì wà lórí tibẹ̀ yẹn, kò sóhun tó máa fà á wálẹ̀. Iná náà gba ọwọ́ mi wọlé, ó gba ẹsẹ̀ jáde. Bàtà yẹn ṣì wà nílé, ihò kan wà ní àtẹ́lẹsẹ̀ ẹ̀ tí ò ju ẹyọ ẹ̀wà lọ, etí ẹ̀ dúdú bí ìdí ìkòkò.

Mo já bọ́ látorí àkàbà. Ibi tó ń pa mí lẹ́rìn-ín rèé o (ìyá mi ní kò sẹ́rìn-ín níbẹ̀): ìyá tó ń ta bọ̀ọ̀lì lódì kejì dá mi mọ̀, ó ní “Hà, Àbíkú nìyẹn! Ẹ má jáyà, fíìmù ni wọ́n ń ya.” Làwọn èèyàn bá ń wá kámẹ́rà. Àwọn kan ń tún irun wọn ṣe, kí wọ́n lè hàn dáadáa. Ojú mi là sílẹ̀, mi ò ṣẹ́jú, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe kọ́ mi, àmọ́ kò sẹ́ni tó máa pe “Cut!”

Ọmọ IT wa, akẹ́kọ̀ọ́ tó ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ wa, ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún, ló ju wáyà ọwọ́ ẹ̀ sílẹ̀ tó sá wá. Wọ́n ti kọ́ ọ. Ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé àárín àyà mi, ó ń tẹ̀ ẹ́ wọlẹ̀ nígbà ọgbọ̀n, kó fẹ́ atẹ́gùn sí mi lẹ́nu lẹ́ẹ̀mejì, kó tún padà sí ọgbọ̀n. Ó ń kà á sókè, ó ń sunkún, tó bá dé mẹ́tàdínlógún á gbàgbé, á tún bẹ̀rẹ̀ látorí ọ̀kan. Ẹkún yẹn ni ìyá oníbọ̀ọ̀lì gbọ́ tó fi mọ̀ pé kì í ṣe fíìmù, ló bá fi ìdáná ẹ̀ sílẹ̀, ó sáré sójú títì, ó dúró síwájú kórópè tó ń bọ̀, ó ní kó gun òun mọ́lẹ̀ tí ò bá ní dúró.

Ọsibítù tá a kọ́kọ́ dé ò gbà wá, ẹ jẹ́ n fi ìyẹn sílẹ̀. Ọ̀sẹ̀ méje ni mo lò nínú èyí tó gbà wá. Wọ́n bó awọ itan mi lẹ̀ mọ́ apá, ìka méjì lọ, mẹ́jọ ṣẹ́kù, mo dúpẹ́. Bàbá ẹlẹ́ja tútù wá, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja nínú wọ́ọ̀dù, mo ní bàbá, ẹ dìde, changeover lẹ máa lọ rà. Ó ti rà á, mo rán èèyàn lọ wò ó.

Sọ́ńdè tó ń bọ̀ ni ìdúpẹ́. Ọmọ IT àti ìyá oníbọ̀ọ̀lì ló máa jókòó níwájú, ẹ má bá wọn du àga. Ìyá mi sì ti kìlọ̀ fún gbogbo àdúgbò pé kẹ́nikẹ́ni má pè mí ní Àbíkú mọ́, Dúrójayé ni kí wọ́n máa pè mí. Àwọn ọmọ àdúgbò gbọ́, wọ́n sì gbà. Àárọ̀ yìí tí mo jáde, gbogbo wọn pariwo: “Àbíkú Dúrójayé!”