Tí ẹ bá ń jiyàn lórí ètò ọrọ̀ ajé Tinubu, ẹ kọ́kọ́ bèèrè ọjọ́

Ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń lọ ẹ̀gẹ́ fún gàárì ni mo fi ń jẹun ní Ìkẹ́rẹ́-Èkìtì, bẹntiróòlù ló sì ń mu. Kò sí iyàn lórí Ààrẹ tí wọn kì í jà lábẹ́ páànù mi. Ohun tí mo kọ́ níbẹ̀: kí ẹ tó dá sí i, ẹ bi ẹni tó ń pariwo pé ìpinnu wo gan-an ló ń bá wí.

Méjì ni wọ́n, àwọn èèyàn ló ń pa á pọ̀. Ní May 29, 2023, ọjọ́ ìbúra, Tinubu ní owó ìrànwọ́ orí epo ti lọ. Lítà tí kò tó 200 náírà ní ilé epo NNPC fò kọjá 480. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n sọ fún yín pé òun nìkan ló rò ó: òpin June ni owó ìrànwọ́ tí Buhari fi sínú ètò ìṣúná yóò tán, Atiku àti Obi náà sì ti ní àwọn yóò yọ ọ́. Àìmúrasílẹ̀ lẹ lè bá a fà. July ló tó dárúkọ 8,000 náírà lóṣù fún ìdílé mílíọ̀nù 12, ariwo sì sọ, ó ní kí wọ́n tún un gbé yẹ̀ wò. (Òun náà ló ta ko Jonathan lórí yíyọ owó ìrànwọ́ epo ní 2012. Ìyẹn dùn ún fi ṣe yẹ̀yẹ́, àmọ́ kò dín owó epo.)

Èkejì ni ti June 14, tí CBN, báńkì àpapọ̀ ìjọba, ní kí ọjà máa dá iye dọ́là. Náírà tó wà ní nǹkan bí 470 sí dọ́là kan já kọjá 700 kí oṣù náà tó parí. Dọ́là la sì fi ń ra epo wọlé nígbà náà. Ní July, lítà kan di 617 l'Ábùjá.

Màmá kan gbé báàfù ẹ̀gẹ́ kalẹ̀, ó ní, "Ẹ̀ẹ̀kan ni wọ́n yọ ìrànwọ́. Kí ló dé tí ẹ fi fowó lé e lẹ́ẹ̀mejì?" Àwọn ará APC àti PDP tó wà níjokòó dákẹ́. Mo mú ṣọ́ọ̀kì, mo kọ ọjọ́ méjèèjì sára ìlẹ̀kùn, mo ṣàlàyé.

Ó wò ó títí. "Ó yé mi, ọmọ mi. Ẹ yọ ti dọ́là kúrò nínú tèmi. Oko Ìkẹ́rẹ́ níbí ni mo ti wú ẹ̀gẹ́ mi."