Ohun Tí Ojú Yá

Ọjọ́rú, alẹ́. Ẹ̀pẹ́.

Òjò kò jẹ́ kí n jáde títí ó fi di ọ̀sán, mo bá jókòó ti ìtàn mi. Ó ti tó oṣù mélòó kan báyìí tí mo ti ń fi ọ̀rọ̀ tẹ ìlú kan dó, ìlú tí kò sí níbikíbi lábẹ́ ọ̀run. Ìbòòji ni mo sọ ọ́.

Ìlú olómi ni, bíi tiwa níbí. Wọ́n ń pẹja, wọ́n ń nájà, wọ́n ń bímọ. Ohun kan ṣoṣo ló yà wọ́n sọ́tọ̀: ìmọ́lẹ̀ kì í sáré lọ́dọ̀ wọn. Ẹsẹ̀ ló fi ń rìn, bí àgbàlagbà tó ń ti oko bọ̀. Bí o bá dúró létí omi tí o wo òdìkejì, ìyá rẹ tí o rí tó ń fọṣọ lọ́hùn-ún, bó ṣe wà lánàá lo rí. Ó lè ti ká aṣọ wọlé. Ó lè ti wọkọ̀ kó ti dé ẹ̀gbẹ́ rẹ, kí ẹ̀yin méjèèjì sì jọ dúró máa wò ó bó ṣe ń fọṣọ.

Ní irú ìlú bẹ́ẹ̀, ẹnikẹ́ni kò lè sọ pé "mo rí i" kó sì dákẹ́. Ohun tí àwọn àgbà Ìbòòji ń kọ́ ọmọ ni pé ojú kì í ní nǹkan, yíyá ló ń yá a. Kí o tó sùn, wàá sọ̀kalẹ̀ lọ sétí omi, wàá ro ohun tí o rí lóòjọ́ fún omi gbọ́, wàá sì sọ ibi tí ẹsẹ̀ rẹ wà nígbà tí o rí i. Ìyẹn ni ìdápadà. Àwọn tó fi í ṣiṣẹ́ ṣe ni mo ń pè ní Adápadà. Níwájú ọba pàápàá, ẹlẹ́rìí tí kò bá lè júwe ibi tó dúró sí, wọn kò ní gba ẹ̀rí rẹ̀. "Ojú ló yá a, ẹsẹ̀ ló jẹ́rìí," bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń wí. Ẹni tó bá kọ̀ tí kò dá ohun tó rí padà, ó ti jẹ gbèsè ojú nìyẹn. Ohun kan náà yóò máa bo ohun gbogbo mọ́lẹ̀ lójú rẹ̀, títí kò fi ní rí nǹkan mìíràn mọ́.

Ọ̀dọ̀ bàbá àgbà mi ni ìpìlẹ̀ ẹ̀kọ́ yìí ti wá. Mo kéré nígbà náà. Ó fún mi ní ọ̀kọ̀ kékeré kan létí ọ̀sà, ó ní kí n gún epìyà kan tó dúró jẹ́ẹ́ lẹ́bàá koríko. Mo sọ ọ́, mo tàsé. Mo tún un sọ, mo tún tàsé. Ó ní, "Ìsàlẹ̀ rẹ̀ ni kí o sọ ọ́ sí. Ẹja kò sí níbi tí o ti rí i." Ilé ẹ̀kọ́ ni mo ti wá mọ̀ pé ìmọ́lẹ̀ máa ń tẹ̀ bó bá ń ti inú omi bọ́ sínú afẹ́fẹ́, àti pé omi tó jìn ní ẹsẹ̀ bàtà 4, bí ẹsẹ̀ bàtà 3 ló ń rí lójú ẹni tó bá dorí kodò wò ó. Ìmọ́lẹ̀ tiwa náà kì í sì í dé lójú ẹsẹ̀. Ti oòrùn ń lo ìṣẹ́jú 8 ó lé díẹ̀ lójú ọ̀nà kó tó kàn wá, nítorí náà oòrùn tí mo ń wò nírọ̀lẹ́, ti ìṣẹ́jú 8 sẹ́yìn ni. Ìbòòji kò jìnnà sí wa tó bí mo ṣe rò.

Fìlà Èṣù náà wà nínú rẹ̀. Ọ̀rẹ́ méjì wà nínú oko wọn, Èṣù gba àárín kọjá pẹ̀lú fìlà tí ẹ̀gbẹ́ kan dúdú, tí ẹ̀gbẹ́ kejì pupa. Ọ̀kan ní dúdú ni, èkejì ní pupa ni, ìjà dé. Èmi kò rí irọ́ lẹ́nu ẹnì kankan nínú wọn. Ohun tó kù kí ọ̀kan sọ ni pé, "Ọwọ́ ọ̀tún ọ̀nà ni mo wà o."

Ó sì yẹ kó tètè yé àwa ará Ẹ̀pẹ́. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi ìbọn ńlá lé Kòsọ́kọ́, ọba Èkó, kúrò níbẹ̀ ní 1851, ìlú wa yìí ni òun àti àwọn èèyàn rẹ̀ wá fìdí kalẹ̀ sí, kó tó padà sí Èkó ní 1862. Àwọn tó bá a wá ni wọ́n di Èkó Ẹ̀pẹ́, àwọn tí wọ́n bá nílẹ̀ ni Ìjẹ̀bú Ẹ̀pẹ́. Bí mo ṣe ń gbọ́ ìtàn náà láti kékeré, lẹ́nu àwọn kan, inú ọkọ̀ ló ti ń bẹ̀rẹ̀, tí ilẹ̀ ń sún mọ́ wọn. Lẹ́nu àwọn yòókù, orí ilẹ̀ ni, tí ọkọ̀ ń bọ̀.

Ibi tí iṣẹ́ ti há mọ́ mi lọ́wọ́ lónìí ni ti opó kan. Ọkọ rẹ̀ rì sómi lọ́nà jíjìn. Wọ́n ti gbé òkú rẹ̀ wálé, wọ́n ti sin ín. Ṣùgbọ́n níbi tí ìmọ́lẹ̀ ti ń fẹsẹ̀ rìn, ó ṣì ń rí i lórí omi láràárọ̀, tó ń ju àwọ̀n, tó ń fi apá nu òógùn ojú. Ó ku ọjọ́ mẹ́ta kí ìmọ́lẹ̀ náà tán. Mo kọ ọ́ pé àgbà Adápadà kan wá bá a, ó ní kó yíjú kúrò, nítorí ohun tó ń wò kì í ṣe tirẹ̀ mọ́. Mo fẹ́ràn ibẹ̀ gan-an. Mo kà á sókè fún Màmá mi.

Ojú Màmá ti ń lọ. Glaucoma ni dókítà pè é: omi inú ojú ń fún un láti inú, iṣan tó ń gbé ìran lọ sí ọpọlọ sì ń kú díẹ̀díẹ̀, láti ẹ̀gbẹ́ wá sí àárín. Èyí tó ti lọ kì í padà. Oògùn tí à ń kán sí i lálaalẹ́, èyí tó kù ló ń ṣọ́. Ohun tó dẹ́rù bà mí jù ni pé kò mọ̀ fún ìgbà pípẹ́. Ibi tí ojú kò bá rí mọ́, ọpọlọ kì í fi òkùnkùn síbẹ̀, ohun tó bá wà láyìíká ló fi ń dí i. Ó ń ta ẹja yíyan lọ́jà Olúwo, ó ń ka owó, ó ń dá oníbàárà mọ̀, àfi ìgbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọlu ọmọ tó bá gba ọwọ́ òsì rẹ̀ kọjá.

Ó gbọ́ mi tán, ọwọ́ rẹ̀ ń to ẹja sínú agbọ̀n.

"Àbẹ̀kẹ́, ta ló rán bàbá yẹn níṣẹ́?"

Mo ní ẹ̀kọ́ wọn ni, Màmá. Ohun tí a bá yá, a gbọ́dọ̀ dá a padà.

"Mo gbọ́ yẹn. Bí mo bá yá ìkòkò lọ́wọ́ aládùúgbò, ṣé n ò ní sebẹ̀ nínú ẹ̀ ni? Ọjọ́ mẹ́ta ṣì kù fún un. Jẹ́ kó wo ọkọ ẹ̀."

N kò rí èsì fọ̀. Gbogbo oṣù tí mo fi ń ro ẹ̀kọ́ Ìbòòji, ìdápadà ni mo ń rò. N kò ro lílò rí. Mo pa ojú ìwé méjì rẹ́. Àgbà náà ṣì wá, ṣùgbọ́n ó gbé àpótí dání, ó jókòó ti obìnrin náà, ó ní, "Kí ló ń ṣe báyìí?" Ibẹ̀ ni mo dé.

Nígbà tí òjò dá, Màmá ní kí n mú òun lọ sétí ọ̀sà. Ó ti pẹ́ tó ti béèrè irú ẹ̀. A dúró níbi tí wọ́n ti ń já ẹrù. Ó wo ọkọ̀ kan tó gbé pákó. Ó wo ọmọkùnrin kan tó ń gbọ́n omi nínú ọkọ̀, ó wò ó títí ọmọ náà fi gbọ́n ọn tán. Ọwọ́ òsì rẹ̀ ni mo wà, níbi tí ojú kò dé mọ́.

Mo ní, "Màmá, lékeléke kan bà sórí òpó."

Kò yíjú. "Níbo lo dúró sí?"

"Ọwọ́ òsì yín, Màmá."

"Ó dáa. Kí ló ń ṣe báyìí?"

Mo ní ó ń fẹnu tún ìyẹ́ rẹ̀ ṣe.