Eva Nil, ọmọ ayafọ́tò

Láti alẹ́ àná ni àwòrán ọmọbìnrin kan ti gbà mí lọ́kàn. Eva Nil lorúkọ rẹ̀, òṣèré fíìmù àtijọ́ ni. Cairo ni wọ́n bí i sí ní 1909, àmọ́ Cataguases, ìlú kékeré kan ní Minas Gerais ní Bràsíl, ló ti bẹ̀rẹ̀ sí ṣe fíìmù.

Pedro Comello, bàbá rẹ̀, ayafọ́tò ọmọ Ítálì ni. Òun àti Humberto Mauro, tó wá di olùdarí fíìmù, fi kámẹ́rà Pathé-Baby kékeré kan ṣe fíìmù àkọ́kọ́ wọn ní 1925, Eva sì wà nínú rẹ̀. Kò pẹ́ tí ìwé ìròyìn Cinearte fi ń gbé àwòrán rẹ̀ jáde, tí àwọn tí kò dé Cataguases rí wá dá ojú rẹ̀ mọ̀.

Lẹ́yìn fíìmù Barro Humano ní 1929, ó fi iṣẹ́ fíìmù sílẹ̀. Ẹni ogún ọdún péré! Ó padà sídìí iṣẹ́ fọ́tò bàbá rẹ̀.

Ibẹ̀ ló ti dùn mí jù. Ṣọ́ọ̀bù fọ́tò bàbá mi lèmi náà dàgbà sí. Mo mọ òórùn oògùn inú yàrá òkùnkùn yẹn, mo mọ bí ojú èèyàn ṣe ń yọ díẹ̀díẹ̀ nínú omi. Eva mú kí ojú àwọn ẹlòmíì hàn nínú fọ́tò báyẹn, nígbà tí Barro Humano tirẹ̀ sì ti sọnù pátápátá.

Mo pe bàbá mi láàárọ̀ yìí. Mo ní kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n má da àwọn nẹ́gátíìfù inú páálí yẹn nù, mo ń bọ̀ wá kó wọn.