Ogbe Tó Ṣubú: Bí Mo Ṣe Kọ́ Ìtumọ̀ "Crestfallen" ní Àbújá

Ó ti pé ọdún mọ́kànlá tí mo ti kúrò ní Ìlá Ọ̀ràngún wá sí Àbújá, mo sì ti gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́nu oríṣiríṣi ènìyàn níbẹ̀ débi pé mo rò pé kò sí ọ̀rọ̀ kan tó tún lè bá mi lójijì mọ́. Àwọn Hausa ń sọ tiwọn, àwọn Tiv ń sọ tiwọn, àwa Yorùbá náà sì ń fi ohùn tiwa lọ̀ ọ́ bí ẹni ń lọ ata. Àfi òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan tí ọ̀gá mi lọ́fíìsì, Hàjíyà kan tó wá láti ìpínlẹ̀ Borno, wò mí tòkè tilẹ̀, tí ó sì fi Gẹ̀ẹ́sì bi mí pé kí ló dé tí mo fi "crestfallen" tó báyìí. Mo dá a lóhùn pé "Yes, ma." N kò mọ ohun tí mo ń jẹ́wọ́ rẹ̀.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ kò ju pé orúkọ mi kò jáde. Ọdún mẹ́ta ni òfin iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní kí òṣìṣẹ́ tó wà ní ìpele mi lò kí ó tó lè jókòó fún ìdánwò ìgbéga, èmi sì ti lo mẹ́rin. Ìpele 12 ni mo wà, 13 ni mo ń retí. (Ẹni tí kò bá ṣe iṣẹ́ ìjọba rí lè má mọ̀ pé a kì í dé ìpele 11 rárá, láti 10 ni a ti ń fò bọ́ sí 12, bí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí bíríkìlà gbàgbé àjà kan nínú rẹ̀.) Mo ti ṣe ìdánwò náà, ọkàn mi sì balẹ̀ sí i, nítorí pé ẹnì kan tó ní òun ti fi ojú ara òun rí ìwé orúkọ náà ti kí mi kú oríire ní ọjọ́ Ẹtì. Kí ilẹ̀ Àbámẹ́ta tó ṣú, mo ti ránṣẹ́ sí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wa, àwa Yorùbá tí a máa ń ṣe ìpàdé ní Kubwa lóṣooṣù, pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe dá owó oúnjẹ ìpàdé tó ń bọ̀, pé èmi ni n óò gbé e. Ìyàwó mi ti ra àpò ìrẹsì kan. Ní àárọ̀ Ajé náà, mo wọ kóòtù tí n kì í wọ̀ bí kò ṣe ọjọ́ ìgbéyàwó ènìyàn, mo wọ ọkọ̀ láti Mararaba, a sì há sínú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ Nyanya bí ó ti máa ń rí, ṣùgbọ́n n kò bínú. Ńṣe ni mo ń fi ìka lu orúnkún. Nígbà tí mo dé ìdí pátákó ìkéde, mo ka orúkọ wọ̀nyẹn láti òkè dé ìsàlẹ̀, mo sì tún kà wọ́n láti ìsàlẹ̀ lọ sókè, àfi bí ẹni pé orúkọ mi lè ti gba ẹ̀yìnkùlé wọlé. Kò sí níbẹ̀.

Ní alẹ́ ọjọ́ náà, mo wá ọ̀rọ̀ Hàjíyà nínú ìwé atúmọ̀-èdè. Ohun tí mo bá níbẹ̀ ni pé a ń lò ó fún ẹni tí ìjákulẹ̀ ti mú ojú rẹ̀ rẹ̀wẹ̀sì, tí orí rẹ̀ sì kodò. Ìyẹn yé mi. Èyí tó gbà mí lọ́kàn ni bí wọ́n ṣe so ọ̀rọ̀ náà pọ̀. "Crest" ni ohun tó ń yọ lórí ẹyẹ, pàápàá ogbe orí àkùkọ, àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì gbà á lọ́wọ́ Faransé, tó gbà á láti inú èdè Látìn. "Fallen" ni pé ó ti ṣubú. Ẹni tí ogbe rẹ̀ ti ṣubú ni Hàjíyà pè mí! Láti ìparí ọ̀rúndún kẹrìndínlógún ni ọ̀rọ̀ náà ti wà nínú ìwé wọn. Shakespeare pàápàá lò ó nínú eré kan tí ó pè ní The Merry Wives of Windsor, níbi tí Falstaff, ọkùnrin onífáàrí kan tó tóbi níkùn, ti gba ìyà lọ́wọ́ àwọn obìnrin tó rò pé òun lè tàn jẹ, tí wọ́n ti dà á sínú odò pẹ̀lú apẹ̀rẹ̀ aṣọ ìdọ̀tí, tí wọ́n sì ti lù ú. Ó ní bí àwọn ará ààfin bá gbọ́, wọn óò fi òun ṣẹ̀fẹ̀ títí ogbe òun yóò fi ṣubú bí èso píà gbígbẹ. Píà tiwọn ni o, kì í ṣe èyí tí a ń fi jẹ búrẹ́dì.

Ní ojú ìwé mìíràn ni mo ti rí i pé "disappoint" gan-an, ọ̀rọ̀ tí gbogbo wa mọ̀ láti iléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, kò bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìbànújẹ́. Nígbà tí ó kọ́kọ́ wọ inú Gẹ̀ẹ́sì láti èdè Faransé, ohun tó túmọ̀ sí ni kí a yọ ẹni tí a ti yàn sípò kúrò lórí ipò náà. "Appoint" ni kí a yàn án, "dis" sì ni kí a tú u ká. Ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ ìjọba ni látilẹ̀ wá. Mo rẹ́rìn-ín, nítorí pé wọn kò tilẹ̀ tíì yàn mí tí wọn ó fi rí mi yọ.

Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí ni mo fi ojú rí ogbe tó ṣubú. Màlámù tí ọgbà rẹ̀ fara ti tiwa ní Mararaba ní àkùkọ kan, zakara tí gbogbo àdúgbò mọ̀, tí í máa fò lé orí ògiri tó wà láàárín wa láti kọ kí ilẹ̀ tó mọ́. Ogbe rẹ̀ pupa bí tàtàṣé tó gbó, ó sì nà ṣánṣán bí ayùn. Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, ọmọkùnrin Màlámù gbé àkùkọ mìíràn wálé láti ọjà Keffi, èyí tó gùn lẹ́sẹ̀ tó sì dúdú. Ìjà wọn kò gba àkókò tí a fi ń se ẹyin. Nígbà tó parí, mo dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri mo ń wo ti àtijọ́. Ẹ̀jẹ̀ díẹ̀, tí kò ju orí ìṣáná lọ, wà ní ṣóńṣó kẹta ogbe rẹ̀. Àwọ̀ pupa náà ti ṣí, ogbe fúnra rẹ̀ sì ti dà sí ọwọ́ òsì, ó bo ojú kan bí fìlà tí a gẹ̀. Ó ń fi ara wọ́ ògiri lọ, ó ń ṣe bí ẹni ń ṣa nǹkan jẹ nílẹ̀ níbi tí kò sí ohun tó ṣeé jẹ, àwọn abo tó ń tẹ̀ lé e tẹ́lẹ̀ sì ti wà lẹ́yìn àlejò. Títí di ọjọ́ kẹta, kò kọ.

Èmi náà ń sin adìyẹ, ọgọ́ta tó ń yé ẹyin, lẹ́yìnkùlé ilé, torí pé owó oṣù Àbújá kì í pẹ́ lápò. Ẹni tó bá ń sin adìyẹ mọ̀ pé ogbe kì í ṣe ẹ̀ṣọ́ lásán. Ẹ̀jẹ̀ pọ̀ nínú rẹ̀, ibẹ̀ wà lára ibi tí ooru ara adìyẹ ń gbà jáde, nítorí pé adìyẹ kì í làágùn. Abo tó bá fẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í yé ẹyin, ogbe rẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ pọ́n. Ní ọdún 1849, Arnold Berthold, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ kan ní Göttingen ní ilẹ̀ Jámánì, kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn ọmọ àkùkọ tí òun tẹ̀ lọ́dàá kò hu ogbe gidi, wọn kò kọ, wọn kò sì jà, ṣùgbọ́n àwọn tí òun dá kórópọ̀n padà sínú ara wọn di àkùkọ bí ẹgbẹ́ wọn. Nígbà tí bird flu sì kọ́kọ́ wọ ilẹ̀ wa ní oṣù kejì ọdún 2006, ní ìtòsí Jaji ní ìpínlẹ̀ Kàdúná, ara ohun tí wọ́n ní kí àwọn olùsìn adìyẹ máa ṣọ́ ni ogbe tó bá wú, tó sì ń dúdú. Gbogbo ohun tó ń ṣe adìyẹ nínú ni ogbe ń tú síta. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbà pé ẹni tó kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ "crestfallen" ti jókòó ti adìyẹ rí.

Mo wá ń bi ara mi pé kí ni Yorùbá rẹ̀. Ẹnu mi kọ́kọ́ lọ síbi "adìyẹ tí òjò pa," ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe ọmọ ìyá kan náà. Adìyẹ tí òjò pa lè má gbéraga rí. Òjò ló bá a níta, bí oòrùn bá sì ràn, ó ti gbẹ. Ẹni tí a pè ní "crestfallen" gbọ́dọ̀ ti gbé ogbe kan dání kí a tó rí èyí tó ṣubú. Òun ni ó ti ránṣẹ́ sí Kubwa, tó sì ti wọ kóòtù. "Ìjákulẹ̀" sún mọ́ ọn, àmọ́ ohun kan wà nínú ìjákulẹ̀ tí kò sí nínú ti Gẹ̀ẹ́sì yìí, ìyẹn ni ẹni tó ṣe é. Bí mo bá ní wọ́n já mi kulẹ̀, tàbí pé wọ́n já mi ní tànmọ́-ọ̀n, ìbéèrè tó kàn ni pé ta ni, ẹjọ́ sì ti bẹ̀rẹ̀. Màlámù, nígbà tí mo sọ ohun tó ṣe mí fún un, kọ́kọ́ ní "sai haƙuri," ìyẹn ni pé kí n ṣe sùúrù, ó wá fi kún un pé àwọn ènìyàn yẹn ti fún mi ní "kunya." Ìtìjú ni kunya, òun náà sì ní ẹni tó ń fúnni. "Crestfallen" kì í bèèrè ẹni tó ṣe é. Ohun tí ojú rí lára ènìyàn nìkan ló ń sọ, bí ìgbà tí a bá sọ pé ara rẹ̀ gbóná.

Bí wọ́n ṣe ń lò ó bá èyí mu. A lè sọ pé "He looked crestfallen," a lè sọ pé "She came back crestfallen," tàbí kí a fi ṣáájú ọ̀rọ̀-orúkọ bíi "a crestfallen face." Ènìyàn, tàbí ojú àti ìrísí ènìyàn, ni wọ́n sábà ń lò ó fún, a kì í pe ìròyìn tàbí oúnjẹ tí kò dùn bẹ́ẹ̀. Kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀-ìṣe, nítorí náà kò sí ẹni tó lè "crestfallen" ẹlòmíràn, bí ó ti wù kí ó burú tó.

Èyí ló dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀ ní Kubwa. Mo gbé ìrẹsì náà lọ sí ìpàdé, nítorí pé ẹni tó ti ní òun yóò gbé oúnjẹ kò lè gbé ìtàn lọ dípò rẹ̀. Alága gbàdúrà lé e lórí, ó ní èyí tó ṣẹ́kù lọ́nà yóò dé, a ṣe àmín, a jẹun. Níbi tí a ti ń jẹun ni mo ti sọ ìtàn Hàjíyà àti àkùkọ Màlámù, wọ́n sì rẹ́rìn-ín sí mi dáadáa. Akọ̀wé wa, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó fẹ́ràn Gẹ̀ẹ́sì tó bá ti gùn, ń kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Nígbà tó di oṣù tó tẹ̀ lé e, tí wọ́n pín àkọsílẹ̀ ìpàdé fún wa, mo bá a níbẹ̀ pé "the host was crestfallened by the ministry."

Mo pè é sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ṣé kì í ṣe ohun tí ẹ sọ ni mo kọ?" Mo ní ohun tí mo sọ ni, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò gba "ed," kò sì gba "by the ministry." Ó wò mí, ó ní bí a bá wá yọ iléeṣẹ́ ìjọba kúrò níbẹ̀, ta ni ká wá dá lẹ́bi? Mo fi bírò rẹ̀ gé "ed," mo gé iléeṣẹ́ ìjọba náà kúrò, ó wá ku èmi àti ogbe mi nínú àkọsílẹ̀ ẹgbẹ́, lábẹ́ ibi tí wọ́n ti kọ ọ́ pé ìrẹsì tó, ẹran ni kò kárí.