Òkè méjì: Glencoe àti Ìdànrè lójú ìyá mi

Ẹni tó bá ń gbé ní Scotland, tí òbí rẹ̀ wá kí i láti Nàìjíríà, mọ ibi tí ọ̀rọ̀ máa ń já sí. Wọ́n ti lọ ọjà, wọ́n ti lọ ṣọ́ọ̀ṣì, ọmọ tuntun tí Màmá wá bá wa wẹ̀ ti ń rẹ́rìn-ín, ilé sì ti sú u. Nígbà tí ìyá mi sọ pé òun kò bọ́ sí ọkọ̀ òfuurufú láti Èkó nítorí kí òun lè máa jókòó ti hítà, èmi àti ìyàwó mi pinnu pé a ó mú un lọ sí agbègbè olókè tí wọ́n ń pè ní Highlands.

Bọ́ọ̀sì ńlá wà tó ń kó àwọn arìnrìn-àjò láti Glasgow, owó rẹ̀ kò sì ga. Ṣùgbọ́n orúnkún ìyá mi kò gba kí ẹnì kan máa fi aago lé e kiri. A bá kúkú ṣe ṣátà: ọkọ̀ kan, awakọ̀ kan tó tún jẹ́ amọ̀nà, àwa nìkan, láti àárọ̀ di alẹ́. Owó náà wọ ọgọ́rọ̀ọ̀rún pọ́n-ùn. Ó wọ́n, mo sì fẹ́ sọ ohun tí mo rí pé owó náà rà, nítorí kì í ṣe òkè ni mo fi í rà. Òkè wà nílé. Àkúrẹ́ ni ìyá mi ń gbé, Ìdànrè kò sì jìnnà sí i rárá.

Nílé, tí èèyàn bá fẹ́ ṣátà ọkọ̀ lọ gbafẹ́, iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀ kí ọjọ́ tó pé. Wàá wá awakọ̀ tí ẹnì kan mọ̀ rí, ẹ ó ná owó títí, wàá bi í bóyá táyà rẹ̀ dára, bóyá sípíà wà nínú búùtù. Wàá ya owó wẹ́wẹ́ sọ́tọ̀ fún àwọn tó máa na igi sójú ọ̀nà. Wàá béèrè lọ́wọ́ àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ọ̀nà náà kọjá bóyá àlàáfíà ni. Lẹ́yìn ìyẹn, àwọn ará ilé á tún máa pè yín: "Ẹ ti dé ibo báyìí?" Wọn kò ní sinmi títí ẹ ó fi wọlé, torí kò sẹ́ni tó fẹ́ kí ilẹ̀ ṣú bá èèyàn rẹ̀ lọ́nà.

Níbí, amọ̀nà náà ló kọ lẹ́tà sí wa lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ó béèrè bóyá Màmá lè rìn dáadáa, ohun tí kì í jẹ, bóyá ìjókòó iwájú ló máa rọ̀ ọ́ lọ́rùn. Ó ti wà lẹ́nu ọ̀nà kí àkókò tó pé. Ó lẹ báàjì aláwọ̀ búlúù mọ́ àyà, èyí tí àwọn amọ̀nà kì í rí gbà ní ìlú ọba àfi kí wọ́n kẹ́kọ̀ọ́, kí wọ́n sì yege ìdánwò. Bàbá tó ti hewú ni. Ó bọ ìyá mi lọ́wọ́, ó béèrè orúkọ rẹ̀, ojú ẹsẹ̀ ló sì fi orúkọ náà pè é, gbalaja báyìí.

Ìyá mi wò mí. Èmi fúnra mi ti gbà tipẹ́ pé níbi iṣẹ́ wa, ọmọ tí mo lè bí á pè mí lórúkọ, kò sì ní èrò búburú kankan lọ́kàn. Ṣùgbọ́n kò yẹ kí ìyá mi bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìyẹn ní ọjọ́ orí rẹ̀. Mo ṣàlàyé fún ọkùnrin náà pé ní ilẹ̀ wa, a kì í pe àgbàlagbà lórúkọ, kó máa pè é ní "Mama". Ó ní ó ṣeun tí mo sọ fún òun. Kò gbàgbé rẹ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú, ìyá mi náà sì ń pè é ní "ọmọ mi".

A gba ọ̀nà A82, ọ̀nà tó tẹ̀ lé etí Loch Lomond lọ sókè. Kò sí adágún omi tó fẹ̀ tó o ní gbogbo Britain. Ó gbà tó kìlómítà onígun mẹ́rin 71. Omi ń dán lápá ọ̀tún, igbó wà lápá òsì, ìkùukùu sì bo orí òkè níwájú. Mo rò pé ìyá mi máa bẹ̀rẹ̀ sí í yin Ọlọ́run fún ẹwà ibẹ̀. Ó yìn ín lóòótọ́, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ ń wá nǹkan mìíràn. Nígbà tí a ti kọjá Crianlarich, tí ilé ti wọ́n lójú ọ̀nà, ó béèrè pé, "Àwọn èèyàn ibí dà?"

Ìbéèrè yẹn ló gba gbogbo ọjọ́ náà mọ́ wa lọ́wọ́. Ẹni tó bá ti rìn láti Àkúrẹ́ lọ sí Ìbàdàn mọ ohun tó ń wá. Lójú ọ̀nà wa, èèyàn ló máa ń sọ ibi tí o dé fún ọ. Tí wọ́n bá na dòdò tí wọ́n dì sínú ọ̀rá sí ọ lójú fèrèsé, Ìkirè nìyẹn. Tí o bá rí ẹja lórí àtẹ, o ti dé Aṣéjìrẹ́. Oníbúrẹ́dì, ọlọ́sàn, ẹni tó ń ta omi tútù, gbogbo wọn ló ń sáré tẹ̀ lé ọkọ̀. Ní A82, àgùntàn ni. Scotland ní èèyàn tó tó mílíọ̀nù 5.4 nínú ìkànìyàn ọdún 2022, Èkó nìkan ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àgùntàn tó wà níbẹ̀ sì pọ̀ ju èèyàn lọ. Ìyá mi ní ta ló ń ṣọ́ wọn. Amọ̀nà ní kò sẹ́ni tó ń ṣọ́ wọn. Ó nawọ́ sí ọ̀dà pupa àti búlúù tí wọ́n fi sàmì sí irun wọn lẹ́yìn, ó ní olúkúlùkù mọ àmì tirẹ̀. Ìyá mi ní, "Tí kò sì sẹ́ni tó jí i?" Mo túmọ̀ rẹ̀. Ọkùnrin náà ní ó máa ń ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe lójoojúmọ́.

A la pẹ̀tẹ́lẹ̀ Rannoch Moor kọjá, ilẹ̀ ẹrẹ̀ tó lọ salalu tí igi rẹ̀ kò tó nǹkan, a sì wọ Glencoe. Àfonífojì ni, òkè dúdú gíga dúró ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Amọ̀nà pa iná ọkọ̀, ó sì sọ ìtàn ibẹ̀ fún wa níbẹ̀ gan-an.

Ó ní ní ọdún 1691, ọba William pàṣẹ pé gbogbo olórí ìdílé ní Highlands gbọ́dọ̀ wá búra fún òun kí ọjọ́ kìíní oṣù kìíní 1692 tó kọjá. Olórí àwọn MacDonald ti Glencoe lọ búra ní Fort William. Wọ́n ní kì í ṣe ibẹ̀, kó lọ sí Inveraray. Yìnyín dá a dúró lọ́nà, ọjọ́ ti kọjá kó tó búra. Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n rán àwọn sójà, abẹ́ Robert Campbell ti Glenlyon, wá sí àfonífojì náà gẹ́gẹ́ bí àlejò. Àwọn ará ibẹ̀ gbà wọ́n sílé, wọ́n fún wọn ní oúnjẹ àti ibùsùn fún nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì. Ní ìdájí ọjọ́ 13 oṣù kejì, àwọn àlejò náà dìde, wọ́n sì pa àwọn tó gbà wọ́n sílé. Èèyàn bí 38 ni wọ́n pa, àwọn mìíràn sá sínú yìnyín, òtútù sì pa nínú wọn.

Mo ń túmọ̀ rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tí mo dé ibi tí wọ́n ti jọ jẹun, ìyá mi ká ọwọ́ lérí. "Wọ́n dalẹ̀," ó wí. "Ẹni bá dalẹ̀ á bá ilẹ̀ lọ." Amọ̀nà béèrè ohun tó sọ. Mo sọ fún un pé ní ilẹ̀ wa, ilẹ̀ ni ẹlẹ́rìí láàárín àwọn tó jọ jẹ, tó jọ mu, ẹni tó bá sì da ọ̀rẹ́ tàbí onílé rẹ̀, ilẹ̀ ni yóò bá a ṣẹjọ́. Ó ní nínú òfin Scotland àtijọ́ pàápàá, pípa ẹni tó gbẹ́kẹ̀ lé ọ wúwo ju ìpànìyàn lásán lọ. Àwọn méjèèjì wo ara wọn, wọ́n mi orí. Láti ìgbà yẹn lọ, n kò fi bẹ́ẹ̀ níṣẹ́ ògbufọ̀ mọ́.

Ṣùgbọ́n 1692 kọ́ ló dá ìyá mi lóhùn. Bí àwọn èèyàn ṣe lọ, amọ̀nà ní, jẹ́ ti ẹ̀yìn náà, láti ìparí ọ̀rúndún kejìdínlógún wọ ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Àwọn onílẹ̀ ńláńlá rí i pé àgùntàn ń mówó wọlé ju àgbẹ̀ tó ń san owó oko lọ, wọ́n sì lé àwọn àgbẹ̀ kúrò káàkiri Highlands. Níbòmíràn wọ́n dáná sun òrùlé kí wọ́n má bàa padà. Ọ̀pọ̀ wọn wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Kánádà. Èdè wọn, Gaelic, ṣì wà lára pátákó ojú ọ̀nà, ṣùgbọ́n àwọn tó ń sọ ọ́ ní gbogbo Scotland kò ju nǹkan bí 70,000 lọ nínú ìkànìyàn 2022. Nítorí náà, ìdákẹ́rọ́rọ́ tí àwọn arìnrìn-àjò ń sanwó wá wò, èyí tí èmi náà sanwó fún, ilé àwọn èèyàn ni tẹ́lẹ̀.

Ibí yìí ni Ìdànrè ti yàtọ̀ pátápátá. Ìdànrè náà ní ìlú àtijọ́ tó ṣófo lórí òkè, èèyàn á gun àtẹ̀gùn tó lé ní 600 kó tó débẹ̀. Ààfin àtijọ́ wà níbẹ̀, kóòtù wà, ilé-ẹ̀kọ́ wà. Ṣùgbọ́n àwọn tó ni ín sọ̀kalẹ̀ sí ìsàlẹ̀ òkè ni, wọn kò wọ ọkọ̀ lọ ibì kankan. Wọ́n ṣì ń gun òkè náà lọ bọ Orósùn lọ́dọọdún. Tí o bá dúró ní ààfin lókè, wàá gbọ́ ariwo ọjà àti ọ̀kadà láti ìsàlẹ̀, àwọn ọmọ ọmọ àwọn tó kọ́ ilé náà ló ń pariwo yẹn. N kò mọyì ariwo yẹn tó kí n tó dé Glencoe.

A wọ ọ̀nà Glen Etive lẹ́yìn náà, ibi tí bọ́ọ̀sì ńlá kò lè dé, ìdí kan nìyẹn tí ọkọ̀ àdáni fi dára. Ọ̀nà náà kò gbà ju ọkọ̀ kan lọ. Wọ́n fẹ àwọn igun kékeré sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, wọ́n ri pátákó mọ́ ọn, tí ọkọ̀ méjì bá pàdé, ọ̀kan á yà síbẹ̀ kí ìkejì kọjá. Ẹni tó ń kọjá á na ìka kan lórí sítíárín, ẹni tó dúró náà á na tirẹ̀. Mo ń wò ó: kò sẹ́ni tó fọn fèrè, kò sẹ́ni tó sọ pé ìwọ ni kó o rí-fáàsì. Èyí wù mí ju òkè lọ. Àwa tí a máa ń kúnlẹ̀ kí ara wa nínú ilé, tí a sì máa ń bú ara wa tìyá-tìyá tí a bá ti di sítíárín mú, ó yẹ kí ó dùn wá.

A sọ̀kalẹ̀ sétí odò. Ìyá mi kọ̀, kò fẹ́ tẹ koríko náà. Ó ní, "Ṣé onílẹ̀ kò ní jáde sí wa?" Ó rí irú rẹ̀ rí: ní ibi àfẹ́ kan nílé, a ti sanwó ní géètì, àwọn ọ̀dọ́ kan tún gba tiwọn lábẹ́ igi, àwọn mìíràn tún dúró níwájú pé àwọn ni ọmọ onílẹ̀ gan-an. Amọ̀nà ṣàlàyé pé òfin kan wà láti 2003 tó fún ẹnikẹ́ni láyè láti rìn lórí ọ̀pọ̀lọpọ̀ ilẹ̀ ní Scotland, kò báà jẹ́ ti ẹlòmíràn, bí kò bá ṣáà ba nǹkan jẹ́, tó ń ti géètì padà, tí kò sì wọ àgbàlá ilé onílé. Màmá bá jókòó. A ṣí kúlà, a mú mọ́ínmọ́ín jáde. Ọkùnrin náà jẹ méjì, ó sì fún Màmá ní haggis tó gbé wá. Mo sọ ohun tó wà nínú rẹ̀: ọkàn, ẹ̀dọ̀ àti fùkù àgùntàn, pẹ̀lú àlùbọ́sà àti ọkà oat. Ó ní kí ló wá ṣòro níbẹ̀, ó sì jẹ ẹ́ tán. Ata nìkan ló ní kò sí. Kantíkantí ibẹ̀ ló lé wa dìde, wọ́n kéré, wọ́n sì pọ̀ débi pé wọ́n ń wọ etí. Ẹ má lọ síbẹ̀ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn láìmú òróró tó ń lé wọn dání.

Bí a ti ń padà, tí aago mẹ́sàn-án alẹ́ ti kọjá tí oòrùn ṣì wà lókè, mo ń ro àwọn ọmọkùnrin tó máa ń mú àlejò gun òkè Ìdànrè. Wọ́n mọ ẹsẹ̀ Agbóògùn, ojú ẹsẹ̀ tó wà lára òkúta níbẹ̀, wọ́n mọ ibi tí òkúta ti ń yọ̀, wọ́n mọ oríkì àwọn ọba. Ìmọ̀ wọn kò kéré sí ti ọkùnrin yìí rárá. Ohun tí àlejò bá ṣàánú fún wọn ni wọ́n ń mú lọ sílé. Kò sí báàjì, kò sí iye owó kan pàtó, kò sí ìdánilẹ́kọ̀ọ́, tí ẹsẹ̀ wọn bá sì ṣẹ́ lọ́jọ́ kan, ọ̀rọ̀ ara wọn nìyẹn. Inú ń bí mi sí i. Àwọn tó wà níbí ń fi ìtàn ilé òfìfo jẹun kánrin, ìtàn tiwa ṣì ní àwọn tó ni ín lórí ilẹ̀.

Amọ̀nà ló béèrè ìbéèrè ìkẹyìn. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá òun lè wá wo òkè tí Màmá ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ láti àárọ̀. Ìyá mi kò jẹ́ kí n dáhùn. Ó ní kó wá lẹ́yìn òjò, kó má wọ bàtà tó ń yọ̀, tó bá dé Àkúrẹ́, kò gbọ́dọ̀ gba yàrá ní hòtẹ́ẹ̀lì nígbà tí òun wà láyé, yàrá àlejò wà. Mo túmọ̀ gbogbo rẹ̀ bó ṣe wí. Nígbà tí Màmá sùn lọ, mo sọ èyí tó kù fún un: kó kọ́kọ́ pè mí, kí n bá a béèrè bí ojú ọ̀nà ṣe rí lọ́sẹ̀ náà, kó má ṣe rin òru, èmi fúnra mi ni màá sì wá awakọ̀ tó máa gbé e.